Ẹ̀rín tí kò nílò ògbufọ̀

Ní ìjọba ìbílẹ̀ Bassila, ní ẹkùn Donga, ọmọ tí ó bá jáde nílé láàárọ̀ lè gbọ́ èdè mẹ́rin kí oòrùn tó kan àtàrí. Ní ìlú Bassila fúnra rẹ̀, Anii ni èdè onílẹ̀. Ní Manigri, Nàgó ni, irú Nàgó tí àwọn ará Kambolé ní ilẹ̀ Togo náà ń sọ. Àwọn Lokpa ń bẹ níbẹ̀, àwọn Fúlàní darandaran ń bẹ níbẹ̀, Faransé sì jókòó sí ilé-ẹ̀kọ́ àti sí ọ́fíìsì ìjọba. Èyí kò dí ọjà lọ́wọ́, kò sì dí ìgbéyàwó lọ́wọ́; àwọn ènìyàn ti mọ bí wọ́n ṣe ń gbọ́ ara wọn yé. Ṣùgbọ́n ibì kan wà tí èdè ti ń ya àwọn ará ilé kan náà nípá báyìí, ibẹ̀ sì ni ibi tí ènìyàn kò ní fura sí: ìdí ẹ̀rín.

Lálẹ́, nígbà tí wọ́n bá ti oko dé tí wọ́n sì jẹun tán, àwọn ọmọ máa ń kórí jọ sídìí fóònù kan ṣoṣo. Eré àwàdà kéékèèké ni wọ́n ń wò, èyí tí wọ́n ṣe ní Cotonou, ní Abidjan tàbí ní Èkó. Wọn yóò rẹ́rìn-ín títí omi yóò fi bọ́ lójú wọn. Ìyá àgbà tí ó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn yóò béèrè pé: «Kí ló wí?» Ọmọ kan yóò dáhùn pé: «Ìyá, ẹ fi í sílẹ̀, kò ṣeé túmọ̀.» Òótọ́ ni ọmọ náà sì sọ. Àwàdà tí a gbé ka orí Faransé ìgboro Abidjan kò ṣeé túmọ̀ sí Nàgó Manigri láìdi ọ̀rọ̀ lásán. Ìyá àgbà yóò yí ojú sí ibòmíràn. Ẹ̀rín wà nínú ilé rẹ̀, kò sì ní ìpín níbẹ̀.

Ohun mìíràn sì tún wà. Nínú ọ̀pọ̀ eré wọ̀nyí, ohùn ará oko ni a fi ń ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹni tí Faransé rẹ̀ kò já gaara, ẹni tí Yorùbá rẹ̀ kò jọ ti Èkó, òun ni òmùgọ̀ inú eré. Ọmọ Manigri tí ó bá ń wo irú nǹkan bẹ́ẹ̀ lálaalẹ́ yóò kọ́, láìsí olùkọ́, láti máa fi ohùn bàbá rẹ̀ rẹ́rìn-ín.

Nítorí náà ni ó fi yẹ kí àwọn tí ọ̀rọ̀ àṣà àti ọ̀rọ̀ ọ̀dọ́ wà lọ́wọ́ wọn ní Bassila rántí irú sinimá kan tí ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún, tí kò ní ohùn rárá: àwọn eré àwàdà aláìfọhùn, níbi tí ìṣubú, ìlépa àti ìkọlù ti dúró ní ipò ọ̀rọ̀. Aṣọ funfun kan ní pápá, ẹ̀rọ tí ń gbé àwòrán sórí rẹ̀, àti àwọn fíìmù tí kò gùn ju ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n lọ: ó tó bẹ́ẹ̀.

Eré àwàdà àti sinimá jọ bẹ̀rẹ̀ ni. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá ọdún 1895, nígbà tí àwọn tẹ̀gbọ́n-tàbúrò Lumière fi àwòrán tí ń rìn han àwọn tí ó sanwó ní Paris, ọ̀kan nínú ohun tí wọ́n fi hàn ni ti olùtọ́jú ọgbà tí ó ń fi rọ́bà bomi rin ewéko. Ọmọ kan yọ́ wá, ó tẹ rọ́bà náà mọ́lẹ̀, omi dá. Ọkùnrin náà gbé ẹnu rọ́bà wò, ọmọ gbé ẹsẹ̀ kúrò, omi sì fọ́n sí i lójú. Kò tó ìṣẹ́jú kan. Lẹ́yìn ìyẹn ni Max Linder, ọmọ ilẹ̀ Faransé, tí Chaplin kò fi pamọ́ pé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni òun ti kọ́ṣẹ́. Lẹ́yìn náà ni Mack Sennett ní Kalifọ́níà, tí ó dá ilé-iṣẹ́ Keystone sílẹ̀ ní 1912, tí ó sì kó àwọn ọlọ́pàá tí ń ṣubú lé ara wọn lórí jáde fún gbogbo ayé láti wò.

Ọ̀dọ̀ Sennett ni Charlie Chaplin ti bẹ̀rẹ̀, ní 1914. Nínú ọdún kan ṣoṣo náà, eré tí ó ti farahàn lé ní ọgbọ̀n. Fìlà rógódó, irun-imú bíńtín, ọ̀pá ìtilẹ̀, bàtà tí ó tóbi ju ẹsẹ̀ lọ: àwọn tí ń sọ Faransé pe ẹni yìí ní Charlot, orúkọ náà sì ti mọ́ wọn lẹ́nu títí di òní. London ni wọ́n ti bí Chaplin ní 1889. Akọrin orí ìtàgé ni bàbá àti ìyá rẹ̀. Ọtí gba bàbá, àìsàn ọpọlọ gba ìyá, ọmọ náà kò ju ọdún méje lọ nígbà tí wọ́n mú un lọ sí ilé tí wọ́n ń kó àwọn tálákà sí. Ebi tí ó ń ṣe nínú eré kì í ṣe ebi tí wọ́n ròyìn fún un. Buster Keaton ní tirẹ̀ dàgbà lórí ìtàgé. Bàbá rẹ̀ a máa gbé e sọ síhìn-ín sọ́hùn-ún níwájú àwọn òǹwòran láti kékeré, ó sì ti mọ bí ènìyàn ṣe ń ṣubú láìfarapa kí ó tó mọ ìwé kà. Keaton kì í rẹ́rìn-ín nínú eré rẹ̀. Àwọn tí ń wò ó ni ó fi ẹ̀rín sílẹ̀ fún.

Àwọn kan yóò sọ pé nǹkan òyìnbó àtijọ́ ni, pé ará abúlé kò ní mọ ìtumọ̀ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe tuntun, ó sì dára kí a rántí ẹnu tí ó ti kọ́kọ́ jáde. William Sellers jẹ́ òṣìṣẹ́ ìlera ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Nàìjíríà. Ó máa ń fi fíìmù kọ́ àwọn ènìyàn ní ìmọ́tótó. Nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá ilé-iṣẹ́ fíìmù kan sílẹ̀ ní 1939 fún àwọn ilẹ̀ tí ó wà lábẹ́ rẹ̀, òun ni wọ́n fi ṣe olórí. Ẹ̀kọ́ rẹ̀ ni pé ojú aláwọ̀ dúdú kò mọ àwòrán: kí àwòrán máa lọ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kí ó má ṣe fò láti ibì kan sí ibòmíràn, kí ó má sì sí idán kankan nínú rẹ̀. Wọ́n ṣe ọ̀pọ̀ fíìmù lọ́nà bẹ́ẹ̀, èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn sì máa ń mú ènìyàn sùn. Ṣùgbọ́n àwọn ọkọ̀ tí ń gbé àwọn fíìmù náà kiri a máa gbé ti Chaplin dání, kí àwọn ènìyàn lè péjọ. Ti Chaplin ń sáré, ó ń fò, ó kún fún ẹ̀tàn; àwọn ará abúlé sì rẹ́rìn-ín síbi tí ó yẹ kí wọ́n rẹ́rìn-ín sí. Lójú àwọn onímọ̀ náà kan náà ni ẹ̀rí yìí ti ń ṣẹlẹ̀, alẹ́ dé alẹ́. Wọn kò fi ṣe nǹkan kan. Àwọn Hausa pe sinimá orí ọkọ̀ yẹn ní majigi, láti inú ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó túmọ̀ sí idán, èyí tí ó fi hàn pé idán tí Sellers ń sá fún gan-an ni wọ́n wá wò.

Ní ìhà ti Faransé, àṣẹ tí Pierre Laval fọwọ́ sí ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹta ọdún 1934 ni pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ya fíìmù ní àwọn ilẹ̀ Áfíríkà tí ó wà lábẹ́ Faransé láìgba ìyọ̀ǹda ìjọba. Ọmọ Dahomey lè jókòó wo Charlot. Ohun tí kò lè ṣe ni kí ó gbé ẹ̀rọ dání kí ó fi ìlú rẹ̀ hàn. Paulin Soumanou Vieyra, tí wọ́n bí ní Porto-Novo ní 1925, mọ adùn àti ìkorò rẹ̀. Nígbà tí òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fẹ́ ṣe fíìmù, Paris ni wọ́n ti yà á, nítorí wọn kò rí àyè yà á ní ilẹ̀ bàbá wọn. Ìyẹn ni Afrique-sur-Seine, ti ọdún 1955.

Fíìmù wo ni kí wọ́n kọ́kọ́ gbé wá? Kí ó jẹ́ The Immigrant, tí Chaplin ṣe ní 1917. Nínú ọkọ̀ ojú omi ni ó ti bẹ̀rẹ̀. Òkun ń ru, gbogbo èrò ń yí gbirigbiri lórí pákó. Nídìí oúnjẹ, àwo ọbẹ̀ kan ṣoṣo ń rá láti ọ̀dọ̀ Charlot dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ó dojú kọ ọ́, ẹni tí ó bá sì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ a sáré bu ṣíbí kan. Kò sí ọmọ tí ó ti bá ẹ̀gbọ́n jẹun nínú abọ́ kan náà tí èyí yóò ṣe àjèjì sí. Lẹ́yìn náà, wọ́n rí ère Òmìnira lókèèrè ní èbúté New York. Gbogbo èrò dìde láti wò ó. Lójú ẹsẹ̀ ni àwọn òṣìṣẹ́ fa okùn kan yí wọn ká, tí wọ́n sì fi há wọn mọ́ bí ẹran ọ̀sìn. Charlot tún bojú wo ère náà lẹ́ẹ̀kan sí i, pẹ̀lú ojú ẹni tí ó ń béèrè ọ̀rọ̀. Nígbà tí ó rí àyè, ó fi ẹsẹ̀ gbá òṣìṣẹ́ kan nídìí. Kò sí ọ̀rọ̀ kan tí wọ́n sọ. Díẹ̀ ni ilé ní Bassila àti Manigri tí kò ní ẹni tí ó ti lọ wá iṣẹ́ lókèèrè, ní Nàìjíríà tàbí ní ibi tí ó jìnnà ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni tí wọ́n ti dá dúró ní ẹnubodè mọ okùn yẹn.

Apá kejì fíìmù náà, ní ilé oúnjẹ, ni ó dùn jù. Ebi ń pa Charlot. Ó rí owó wẹ́wẹ́ kan nílẹ̀ lójú pópó, ó sọ ọ́ sápò. Àpò náà lu, owó jábọ́, kò mọ̀. Ó wọlé, ó ní kí wọ́n gbé ẹ̀wà wá. Agbóúnjẹ ibẹ̀, tí Eric Campbell ṣe, jẹ́ òmìrán ọkùnrin tí ìrùngbọ̀n rẹ̀ nìkan tó láti dẹ́rù bani. Níṣojú Charlot ni àwọn agbóúnjẹ fi lu oníbàárà kan bí ẹni lu bàrà, nítorí pé owó rẹ̀ dín díẹ̀. Charlot fi ọwọ́ kan àpò. Kò sí nǹkan. Láti ibí yìí lọ, gbogbo eré náà dá lórí owó wẹ́wẹ́ kan ṣoṣo: ẹlòmíràn rí i he lóde, ó fi san owó oúnjẹ tirẹ̀, àpò agbóúnjẹ náà lu, owó tún jábọ́, Charlot fi bàtà tẹ̀ ẹ́, ó ń wá bí yóò ṣe mú un láìjẹ́ kí òmìrán yìí rí i. Ó mú un níkẹyìn, ó fi ìgbéraga gbé e lé e lọ́wọ́. Agbóúnjẹ gé e jẹ. Owó náà ká kò. Ayédèrú ni.

Ẹnìkan sì wà níbẹ̀, ayàwòrán kan tí ó lówó lọ́wọ́, tí ó fẹ́ bá a san án. Charlot kọ̀, bí ọmọlúàbí. Ayàwòrán tún bẹ̀ ẹ́. Ó tún kọ̀. Ó kọ̀ títí ọkùnrin náà fi gbà fún un, tí ó sì dá owó rẹ̀ padà sápò. Òǹwòran tí ó bá mọ ìlànà wa, níbi tí àlejò kì í ti í gba oúnjẹ ní ìpè kìíní, yóò rẹ́rìn-ín síbẹ̀ ju ará Amẹ́ríkà lọ.

Kí wọ́n fi One Week ti Keaton, ti ọdún 1920, tẹ̀ lé e: tọkọtìyàwó tuntun gba ilé tí a kó pákó rẹ̀ sínú àpótí, olùfẹ́ tí ìyàwó kọ̀ wá pààrọ̀ nọ́ńbà ara àpótí, ilé sì dìde ní wíwọ́. Ìjì fi ilé náà jó. Nígbà tí wọ́n ń fà á lọ sí ibòmíràn, ó dúró sórí ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin. Ọkọ̀ kan ń bọ̀. Wọ́n di ojú. Ọkọ̀ náà gba ẹ̀gbẹ́ kọjá. Inú wọn dùn. Òmíràn tí ó ti ìhà kejì bọ̀ ni ó fọ́ ọ túútúú. Ẹni tí ó ti kó owó ọdún mẹ́ta lé orí ògiri tí òjò wó kò nílò àlàyé. Ẹ̀kẹta lè jẹ́ Big Business ti Laurel àti Hardy, ti 1929, níbi tí àríyànjiyàn lórí igi Kérésìmesì di kí onílé máa fọ́ ọkọ̀ alájàpá kí alájàpá náà sì máa fọ́ ilé onílé, tí ọlọ́pàá kan jókòó tí ó ń fara balẹ̀ kọ gbogbo rẹ̀ sínú ìwé. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kò gbà ju wákàtí kan àti díẹ̀ lọ.

Àtakò kan wà tí ó lágbára ju ti Sellers lọ. Nínú ọ̀pọ̀ fíìmù ìgbà náà, àwọn òṣèré funfun a máa kun ojú wọn dúdú láti fi ènìyàn dúdú ṣe ẹ̀fẹ̀. Keaton pàápàá kò mọ́ nínú rẹ̀. Irú èyí kò yẹ kí ó dé iwájú ọmọ Bassila láìròtẹ́lẹ̀. Ẹni tí yóò yan fíìmù gbọ́dọ̀ ti wò ó láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kì í ṣe kí ó kà nípa rẹ̀ nìkan. Iṣẹ́ ọjọ́ méjì ni, kò sì sí ẹ̀rọ tí ó lè bá a ṣe é.

Àwọn mìíràn yóò ní àwa náà ní tiwa. Bẹ́ẹ̀ ni. Àwọn egúngún alárìnjó ti ń bọ ojú òyìnbó sórí, tí wọ́n ń fi ìrìn rẹ̀ àti ijó rẹ̀ pa ènìyàn lẹ́rìn-ín, láìgbọ́ èdè rẹ̀. Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá, tí ó kú ní oṣù Kẹwàá ọdún 2018, ti mú àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín kí ó tó la ẹnu, pẹ̀lú awò ojú ràgàjì àti aago ńlá tí ó so mọ́ra bí aago ọwọ́. Àwọn tí ó ń ta ẹ̀dà olè fíìmù rẹ̀ Ọ̀run Móoru ti 1982 ni ó sọ ọ́ di onígbèsè. Ní Dakar, Djibril Diop Mambéty ṣe Badou Boy ní 1970, níbi tí ọlọ́pàá sísanra kan ti ń lé ọmọ jàgídíjàgan kan kiri ìlú. Ẹni tí ó bá ti rí ti Sennett yóò mọ ìran rẹ̀. Kò sí ẹni tí ó ní kí a gbàgbé wọn. Ṣùgbọ́n apá tí ó dùn jù nínú àwàdà Bàbá Sàlá wà nínú Yorùbá rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ti ọ̀rọ̀ Ẹ̀fẹ̀ alẹ́ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti wà nínú èdè Kétu. Anii tí ó wà ní Bassila kò ní ọ̀nà láti wọ ibẹ̀. Ará Manigri gan-an yóò pàdánù ìdajì. Ní ìlú tí ó ní èdè kan, èyí kì í ṣe ìṣòro. Bassila kì í ṣe ìlú bẹ́ẹ̀.

Ohun kan kù tí àwọn olùṣètò lè fi ba gbogbo rẹ̀ jẹ́: ẹ̀rọ gbohùngbohùn. Ní ayé àmúnisìn, ẹnìkan a máa dúró ti ọkọ̀ sinimá, a sì máa túmọ̀ gbogbo ohun tí ń kọjá. Ní Japan, ìgbà kan wà tí irú olùsọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lókìkí ju òṣèré lọ. Ìyẹn jẹ́ iṣẹ́ ọnà fún ara rẹ̀. Ṣùgbọ́n níhìn-ín, bí ẹnìkan bá gba ẹ̀rọ náà, èdè wo ni yóò sọ? Èyí tí ó bá yàn, ó ti lé èdè mẹ́ta tí ó kù kúrò ní pápá. Ìwé pélébé tí ń yọ láàárín àwòrán kò pọ̀. Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ méjì, ọ̀kan fún Anii, ọ̀kan fún Nàgó, lè fi gbólóhùn kan kan sọ ohun tí ó wà níbẹ̀ kí wọ́n sì dákẹ́. Onílù ni kí ó sọ ìyókù. Ó ṣọ̀wọ́n kí wọ́n wo fíìmù aláìfọhùn nínú ìdákẹ́jẹ́ ní gbọ̀ngàn sinimá. Dùùrù máa ń bẹ níbẹ̀, tàbí odidi ẹgbẹ́ akọrin. Onílù Manigri tí ó lè fi ọ̀pá lé ẹsẹ̀ oníjó lè fi lé ẹsẹ̀ Charlot.

Ìgbà ọyẹ́ ni ó bá a mu, nígbà tí òjò kò ní lé ènìyàn wọlé. Alẹ́ kan ní Bassila, alẹ́ kan ní Manigri, kí ó má ṣe bọ́ sí ọjọ́ kan náà, kí àwọn ará ìlú kìíní lè lọ sí èkejì. Kí àwọn àgbà jókòó níwájú. Kí ọ̀rọ̀ ìkíni àwọn lọ́balọ́ba àti olóṣèlú má gùn ju fíìmù àkọ́kọ́ lọ.

Ní ọjọ́ kejì, kí wọ́n pe àwọn ọ̀dọ́ tí ó ní fóònù jọ, kí wọ́n sì fún wọn ní iṣẹ́ kan: ìṣẹ́jú mẹ́ta, ohùn kò gbọdọ̀ sí níbẹ̀. Àṣẹ Laval ti kú tipẹ́. Kókó eré kò sì wọ́n ní àgbègbè náà. Fún àpẹẹrẹ, oníṣòwò kan wá ra kajú lóko. Ó gbé àpò ìyá kan lé òṣùwọ̀n, abẹ́rẹ́ kò mira. Ó tún gbé àpò kejì lé e, abẹ́rẹ́ kò mira. Ìyá náà wo òṣùwọ̀n, ó wo oníṣòwò, ó bọ́ sálúbàtà rẹ̀ sílẹ̀, òun fúnra rẹ̀ sì gun orí rẹ̀.